Bí Ẹja Sámọ̀nì Àwọn Ará Jàpáàn Ṣe Di Iṣẹ́ Ọwọ́ Mi ní Bódìjà

Níbi ìpàdé àwọn ọ̀dọ́ ìjọ aládùúrà wa ní Agbówó, wọ́n ní kí àwa àgbà tó ti fẹ̀yìn tì wá sọ ìtàn iṣẹ́ wa, kí àwọn ọmọ tó ń ro ohun tí wọn ó fi ayé wọn ṣe lè rí nǹkan mú níbẹ̀. Ẹni tó ṣe nọ́ọ̀sì sọ tirẹ̀. Ẹni tó ṣe tíṣà sọ tirẹ̀. Nígbà tó kàn mí, mo dìde, mo tún aṣọ funfun mi ṣe, mo ní, "Adérónkẹ́ lorúkọ mi. Alásè ni mí. Ẹja ni mo fi gbogbo ayé mi sè."

Ọmọbìnrin kan nawọ́. "Mọ́mì, irú ẹja wo?"

Mo ní, "Sámọ̀nì. Bí àwọn ará Jàpáàn ṣe ń sè é."

Ẹ̀rín sọ. Wọ́n rò pé mo ń dá wọn lára yá ni. Àkókò ò sì jẹ́ kí n sọ ọ́ tán lọ́jọ́ náà, torí àwọn akọrin ti ń dúró. Òun ni mo ṣe jókòó wàyí, pẹ̀lú ara líle àti ọkàn tó fúyẹ́, láti sọ ọ́ bó ṣe rí.

Ìjẹ̀ṣà ni wá. Iṣẹ́ rélùwéè ló gbé bàbá mi wá sí Ìbàdàn, kí wọ́n tó bí mi. Ilé wa, iyán ni lówùúrọ̀, iyán ni lálẹ́, ẹni tí kò bá lè gún un, kó yáa lọ sùn. Ìdí odó yẹn ni mo ti kọ́kọ́ mọ̀ pé mo fẹ́ràn kí n máa ṣe ohun tí ẹlòmíì yóò jẹ. Ṣùgbọ́n nọ́ọ̀sì ni bàbá mi fẹ́ kí n ṣe. Nígbà tí mo gba ìwé mẹ́wàá tán, tí mo sọ pé mo fẹ́ kọ́ oúnjẹ sísè, wọ́n bọ́ gíláàsì ojú wọn sílẹ̀.

"Rónkẹ́, èmi ò rán ọmọ níléèwé kó lọ máa fọ abọ́ fún ẹni ẹlẹ́ni."

Ìyá mi ló gbà mí sílẹ̀. Wọ́n ní, "Bàbá Rónkẹ́, ẹ jẹ́ ó lọ. Tí kò bá gbè é, ilé yìí náà ni yóò padà sí."

Bí mo ṣe dé ilé ìdáná ńlá kan ní Jẹ́ríkò nìyẹn, lọ́dọ̀ Bàbá Láńre. Bí wọ́n ṣe gbà mí àti ohun tí wọ́n ń san fún mi, n ò ní fi ìyẹn dá yín dúró. Ó tó jẹ, kò tó fi pamọ́. Ó tán.

Bàbá Láńre ti ń se oúnjẹ láti ìgbà òyìnbó. Wọ́n ga, wọ́n gbẹ bí igi èédú, àpárán funfun, aṣọ ìdáná tí wọ́n máa ń wọ̀, kì í ní àmì epo kan ṣoṣo lára. Èèyàn kì í gbọ́ ohùn wọn. Bí inú bá bí wọn, ńṣe ni ohùn náà tún ń lọ sílẹ̀ sí i, títí tí ìwọ tí wọ́n ń bá wí yóò fi ní láti sún mọ́ wọn kí o tó gbọ́ èébú ara rẹ. Ọdún tí mo kọ́kọ́ lò lọ́dọ̀ wọn, n ò fọwọ́ kan páànù. Ọbẹ ni mo ń pọ́n, abọ́ ni mo ń fọ̀, ẹja ni mo ń họ ìpẹ́ rẹ̀. Tí ìpẹ́ kan bá ṣẹ́ kù lára ẹja, wọn á sún mọ́ mi. Wọn á kàn fi ìka gbé ìpẹ́ náà, wọn á sì lẹ̀ ẹ́ mọ́ ẹ̀yìn ọwọ́ mi. Mo máa ń gbé e bẹ́ẹ̀ ṣiṣẹ́ títí di ọ̀sán.

Ọjọ́ tí wọ́n máa jẹ́ kí n dín ẹja, wọ́n ní kí n dijú.

"Kí lo gbọ́?"

"Mo ń gbọ́ ariwo, sà."

"Irú ariwo wo? Ìwọ ọmọ yìí, òjò ń ṣe ariwo, ọlọ́jà ń ṣe ariwo. Irú èwo nìyí?"

Mo tẹ́tí. Mo ní, "Ó ń pariwo gan-an tẹ́lẹ̀, sà. Ó wá ń sọ̀rọ̀ jẹ́jẹ́ báyìí."

"Ẹ̀n-ẹ́n. Omi ara ẹja ló ń tán lọ yẹn. Yí i padà. Tí o bá jẹ́ kó dákẹ́ pátá, o ti pa á lẹ́ẹ̀kejì nìyẹn. Ẹran á dárí jì ọ́, Rónkẹ́. Ẹja ò mọ ìdáríjì."

Mo yí i padà. Ó ti pẹ́ jù. Bàbá wò ó, wọ́n gbé e fún ológbò ọlọ́gbà, wọ́n ní kí n mú òmíràn. Ológbò yẹn jẹun yó lọ́jọ́ náà. Mo lọ sẹ́yìn táǹkì omi, mo sunkún. Nígbà tí mo jáde, bàbá dúró síbẹ̀, wọ́n na aṣọ ìnujú sí mi.

"Ìgbà tí ẹja wà ní tútù la ń ká a," wọ́n ní. "Tó bá gbẹ tán, ṣíṣẹ́ ni yóò ṣẹ́. Tútù lo ṣì wà báyìí, òun ni mo ṣe ń ká ọ. Wọlé, àlùbọ́sà ń dúró dè ọ́."

Ẹ̀yin ọmọ tó ń wá iṣẹ́ kọ́, tí ọ̀gá yín bá le, ẹ kọ́kọ́ wò ó bóyá nítorí iṣẹ́ náà ló ṣe ń le tàbí nítorí ara rẹ̀. Bàbá Láńre kò lù mí rí, wọn ò bú ìdílé mi rí. Ẹja ni wọ́n ń gbèjà.

Nígbà tí ojú bàbá bẹ̀rẹ̀ sí í ṣú, tí wọ́n fẹ́ padà sílé láti sinmi, wọ́n fúnra wọn ló mú mi lọ sí Bódìjà, sọ́dọ̀ tọkọtaya ará Jàpáàn kan tó ní ọmọbìnrin kékeré. Iṣẹ́ ìwádìí lórí ohun ọ̀gbìn ni ọkọ ń ṣe. Wọ́n ní, "Mo ti kọ́ ọ dé ibi tí mo mọ̀. Àwọn wọ̀nyí mọ ibòmíràn. Lọ wò ó."

Yúmì lorúkọ ọmọ náà, nítorí náà Ìyá Yúmì ni mo ń pe ìyá rẹ̀. Ẹgbẹ́ ni wá lọ́jọ́ orí, òun náà sì kọ̀ pé òun ò fẹ́ kí n máa kúnlẹ̀ kí òun. Tí ẹ bá ń gbọ́ tí mo ń pè é ní "ó", kì í ṣe àfojúdi. Èmi àti ẹ̀ di ọ̀rẹ́ ni.

Kò kọ́kọ́ rí bẹ́ẹ̀ o. Ọjọ́ kìíní, ó ń pè mí ní "Rónkẹ́-sán." Mo rò pé ọ̀sán ló fẹ́ sọ, pé kí n wá gbé oúnjẹ ọ̀sán kalẹ̀. Mo sáré wá gbé tábìlì. Ó tún ní, "Rónkẹ́-sán." Mo sáré da omi sínú ife. Ọjọ́ kẹta ni ọkọ rẹ̀ tó ṣàlàyé fún mi pé báyìí ni wọ́n ṣe ń bu ọ̀wọ̀ fún èèyàn lọ́dọ̀ wọn. Ojú tì mí, inú mi sì dùn. Látìgbà tí mo ti ń dáná fún ẹlòmíì, òun lẹni àkọ́kọ́ tó fi ọ̀wọ̀ sí orúkọ mi.

Ẹja sámọ̀nì tí mo kọ́kọ́ rí, inú àpótí yìnyín ló wà, àlejò ọkọ rẹ̀ kan ló gbé e wá láti òkè òkun. Mo ṣí i, mo rí i pé ara rẹ̀ pupa bí ìbẹ́pẹ tó pọ́n. Mo ní, "Màdáàmù, àwọ̀ ni wọ́n rẹ ẹ́ sí ni?" Ó rẹ́rìn-ín. Èmi ti kó ata, kọ́rì àti táìmù jáde ní tèmi. Ó kó gbogbo rẹ̀ padà sínú àpótí ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, ó wá gbé iyọ̀ nìkan fún mi.

Iyọ̀ díẹ̀ ló wọ́n sí i, ó gbé e sílẹ̀. Nígbà tó yá, omi jáde lára ẹja, ó nu ún gbẹ bí ẹni tó ń nu ara ọmọ ìkókó. Ó gbé páànù kaná, ó fi ibi tó láwọ kọ ìsàlẹ̀, ó sì fi ẹ̀yìn ṣíbí pákó tẹ̀ ẹ́ kó má baà ká jọ. Kò yí i káàkiri. Kò fi ojú kúrò lára rẹ̀. Nígbà tí awọ náà ti gbẹ tó ń ró wàràwàrà, ó yí i lẹ́ẹ̀kan péré, ó da omi dúdú kan sí i, èyí tí wọ́n fi ẹ̀wà sóyà ṣe, pẹ̀lú ṣúgà, atalẹ̀ tó rin, àti ọtí ìrẹsì wọn díẹ̀. Ó wá ń fi ṣíbí bu ọbẹ̀ náà lé ẹja lórí, ó ń bù ú lé e lórí, títí ó fi ki, tó ń dán bí igi tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ kùn.

Ó gé díẹ̀ fún mi. Mo wo àárín rẹ̀.

"Màdáàmù, kò jinná."

"Ó jinná."

"Màdáàmù, ẹ dákun, àárín rẹ̀ ṣì ń wò mí."

Mo fẹ́ dá a padà sínú páànù, ó di ọwọ́ mi mú. Mo dijú, mo fi í sẹ́nu. Ẹ̀yin ọmọ, n ò mọ bí n ó ṣe sọ ọ́. Ó rọ̀, ó dùn, iyọ̀ àti ṣúgà ń bára wọn ṣeré, ọ̀rá ara ẹja náà sì yọ́ lórí ahọ́n mi bí òrí tí oòrùn pa. Ọjọ́ yẹn ni mo mọ̀ pé gbogbo ìgbà tí ẹja ti ń ṣẹ́ bí igi lẹ́nu wa, àwa ni a ń fìyà jẹ ẹ́.

Ṣùgbọ́n ó le o, bí Bàbá Láńre ni. Ìrẹsì nìkan, ó lè ní kí n ṣàn án tó ìgbà mẹ́fà, mẹ́je, títí omi rẹ̀ á fi mọ́ bí omi òjò. Tí mo bá gé ẹja tí kò dọ́gba, kò ní bá mi wí, ńṣe ni yóò jẹ èyí tó kéré jù fúnra rẹ̀, tí yóò máa wò mí. Ìyẹn ń dùn mí ju ìbáwí lọ.

Ohun tó so wá pọ̀ ni irú. Ó ní ẹ̀wà kan tí wọ́n sè, tí wọ́n bò títí ó fi kan, inú ike ló ń gbé, ó sì ń fi se ọbẹ̀ omi. Ọjọ́ tó ṣí i níṣojú mi, mo gbọ́ òórùn rẹ̀, mo kígbe, "Irú rèé!" Kò yé e. Lọ́jọ́ kejì, mo ra irú wooro ní ọjà Bódìjà, mo gbé e wá. Ó gbé e sí imú, ó dijú, ó dúró bẹ́ẹ̀ pẹ́. Nígbà tó la ojú, omi ti kún un. Ó ní òórùn náà jọ ti ilé ìdáná ìyá òun àgbà. Ọ̀sán yẹn, òjò ń rọ̀, àwa méjèèjì jókòó sílẹ̀ nílé ìdáná, a fi irú se ọbẹ̀ omi, a sì fi sámọ̀nì tó ṣẹ́ kù jẹ ẹ́. Láti ọjọ́ náà, kò sí ohun tí òun mọ̀ tí kò kọ́ mi.

Nílé tèmi náà, iṣẹ́ ń bẹ, torí mo ti lọ́kọ. Ọkọ mi, Bàbá Fúnmi, télọ̀ ni wọ́n ní Dùgbẹ̀. A ò lè ra sámọ̀nì, nítorí náà mo fi kótè ṣe é: omi sóyà díẹ̀ tí Ìyá Yúmì bù fún mi, oyin dípò ṣúgà, atalẹ̀, aáyù, mo wá wọ́n yànmọ̀tí tí mo yan lé e lórí. Ọkọ mi tọ́ ọ wò.

"Rónkẹ́, ẹja ni àbí súwíìtì?"

"Ẹ jẹ ẹ́ ná."

Wọ́n ń ráhùn, wọ́n ń jẹ. Wọ́n ráhùn títí abọ́ fi mọ́. Nígbà tó di ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, wọ́n ní, "Ẹja tó ń ṣe bí súwíìtì yẹn, ṣé o ò ní ṣe é mọ́ ni?"

Ibi tí ìtàn yìí ti dùn mọ́ mi lẹ́nu jù nìyẹn. Ẹ jẹ́ kí n wá sọ èyí tí kò dùn.

Ọdún kan, gáàsì wọ́n nígboro. Àlejò ń bọ̀ nílé Ìyá Yúmì, ọ̀gá ọkọ rẹ̀ àti ìyàwó ọ̀gá náà, a sì ti múra sámọ̀nì sílẹ̀. Nígbà tí gáàsì tán, mo gbé sítóòfù karosíìnì jáde, mo ra epo tuntun, mo rọ ọ́. A ò mọ̀ pé àwọn oníwàkíwà kan ti da bẹntiróòlù pọ̀ mọ́ karosíìnì tó wà nígboro nígbà náà. Mo gbé páànù kaná, mo tẹ́ ẹja sínú rẹ̀. Mo tẹ́tí bí wọ́n ṣe kọ́ mi. Ariwo tí mo gbọ́ kì í ṣe ti ẹja. Ó ń mí hẹ́lẹ́hẹ́lẹ́, láti ìsàlẹ̀ sítóòfù. Mo na ọwọ́ ọ̀tún láti gbé páànù kúrò. Ó bú gbàmù.

N ò rántí pé mo kígbe. Iná ni mo rí, ní apá mi, bí ẹni tó wọ aṣọ ofeefee. Ìyá Yúmì sáré wọlé, kò sá jáde bí gbogbo ayé ì bá ti ṣe. Ó fa ẹní ẹnu ọ̀nà, ó tì í bọ inú omi tí a fi ń ṣan ìrẹsì, ó dì mí mọ́ra pẹ̀lú rẹ̀, àwa méjèèjì ṣubú lulẹ̀. Ọkọ rẹ̀ da yanrìn sí ìyókù. Irun iwájú orí Ìyá Yúmì jóná, irun ìpéǹpéjú rẹ̀ kan lọ. Èmi, láti ìka títí dé ìgbúnwọ́.

Ọsibítù kan ní Jẹ́ríkò ni wọ́n gbé mi lọ. Mo pẹ́ níbẹ̀. Fúnmi ṣẹ̀ṣẹ̀ ń rìn nígbà náà. Ọkọ mi ń pọ̀n ọ́n sẹ́yìn wá wò mí láti Dùgbẹ̀, ọkùnrin gbọ̀ngbọ̀n, pẹ̀lú téèpù ìwọnṣọ lọ́rùn àti ọmọ lẹ́yìn. Àwọn nọ́ọ̀sì ń fi wọ́n rẹ́rìn-ín, ọkọ mi kàn ń tún ọ̀já ọmọ dì ni. Bàbá mi wá. Wọn ò sọ pé "mo sọ fún ọ." Wọ́n kàn ní, "Tí o bá gbádùn, wá sílé. A ó wá nǹkan mìíràn tí o máa ṣe." Ó dùn mí ju kí wọ́n bínú lọ, torí mo mọ̀ pé wọ́n ti sin iṣẹ́ mi nínú ọkàn wọn.

Bàbá Láńre náà wá. Ojú wọn ò fi bẹ́ẹ̀ ríran mọ́, ọmọ wọn ló di ọwọ́ wọn mú. Wọ́n ní kí wọ́n fi àwọn jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Wọ́n wá ọwọ́ tí wọ́n fi bándéèjì dì, wọ́n gbé àtẹ́lẹwọ́ wọn lé orí rẹ̀ láì tẹ̀ ẹ́, ohùn wọn sì lọ sílẹ̀ bíi tàtijọ́. Mo sún mọ́ wọn kí n lè gbọ́.

"Ọwọ́ tí mo kọ́ rèé," wọ́n ní. "Ọwọ́ tí mo kọ́ rèé o."

Omijé ń bọ́ lójú bàbá. Wọ́n bu ẹ̀kọ gbígbóná tí ìyá mi gbé wá, wọ́n fẹ́ ẹ, wọ́n ń fi ṣíbí fún mi jẹ, díẹ̀ ń dà sí mi lágbọ̀n, torí wọn ò ríran. Àwọn àgbà máa ń sọ pé bí a bá fi ọwọ́ ọ̀tún bá ọmọ wí, à fi tòsì fà á mọ́ra. Ọjọ́ yẹn ni mo rí ọwọ́ òsì Bàbá Láńre.

Nígbà tí wọ́n tú bándéèjì, ìka mi ò ká mọ́. Wọ́n le gbandi. N ò lè di bọ́tìnnì, n ò lè mú ọbẹ. Mo sọ fún ọkọ mi pé kí wọ́n kọ́ mi ní aṣọ rírán. Wọ́n wo ọwọ́ mi, wọ́n yíjú sí ògiri. Mo padà sí Bódìjà láti lọ kó ẹrù mi. Ìyá Yúmì ò jẹ́ kí n dé ibi tí ẹrù wà. Ó gbé àga sídìí tábìlì ilé ìdáná, ó gbé odindi ìhà sámọ̀nì kan síwájú mi, ó sì fi ẹ̀mú kékeré kan lé mi lọ́wọ́ ọ̀tún, irú èyí tí a fi ń fa ẹ̀gún yọ.

Bí ẹ ò bá mọ̀, nínú ẹran sámọ̀nì, egungun tẹ́ẹ́rẹ́ kan wà tí wọ́n tò bí ehín òòyà. Ojú ò rí wọn, ìka ló ń mọ̀ wọ́n. Ó ní, "Fà wọ́n."

Mo ní, "Màdáàmù, n ò lè ṣe é."

"Mo mọ̀. Fà wọ́n."

Ẹ̀mú náà bọ́ lọ́wọ́ mi. Ó mú un, ó fi lé mi lọ́wọ́. Ó tún bọ́. Ó tún mú un. Mo bínú, mo sunkún, mo sọ̀rọ̀ sí i ní Ìjẹ̀ṣà, ohun tí n ò lè kọ síbí. Ó ń gé àlùbọ́sà eléwé lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi bí ẹni tí kò gbọ́. Ọ̀sán ti ń lọ nígbà tí mo fa egungun kan ṣoṣo yọ. Mo jù ú sínú àwo, ó dún tín. Ó gbé ọbẹ sílẹ̀, ó tẹrí ba fún mi, títí irun rẹ̀ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń hù fi fẹ́rẹ̀ẹ́ kan tábìlì.

Bí a ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Òwúrọ̀, mo ń fi ọwọ́ ṣan ìrẹsì nínú omi tútù. Ọ̀sán, egungun, lára ẹja yòówù tó bá wà, kótè, pánla, ohunkóhun. Díẹ̀díẹ̀ ni imú ẹlẹ́dẹ̀ ń wọgbà. Kí ọdún náà tó parí, ìka mi ti ń ká. Iná ló wá kù. Ọwọ́ ti yá, ọkàn ò yá. Mo máa ń dúró lẹ́nu ọ̀nà ilé ìdáná, n ò ní lè ṣá ìṣáná. Ọjọ́ kan, Ìyá Yúmì ṣá a fúnra rẹ̀, ó tan gáàsì, ó dúró sẹ́yìn mi, ó di ọrùn ọwọ́ mi mú bí a ṣe ń di ọmọ tó ń kọ́ ìrìn mú. Mo tẹ́ ẹja sínú páànù. Ó pariwo. Mo tẹ́tí. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀ jẹ́jẹ́. Mo yí i padà.

Ìgbà tí iṣẹ́ ọkọ rẹ̀ parí, wọ́n padà sílé wọn. A sunkún bí a ṣe yẹ kí a sun ún, n ò ní gùn ún. Lẹ́yìn wọn, n ò tún bá ilé kan ṣoṣo ṣiṣẹ́ mọ́. Mo ń lọ láti ilé dé ilé, ní Bódìjà, ní Ring Road, ní apá Challenge, mo ń se oúnjẹ fún ẹni tó fẹ́ ṣe àlejò, mo sì ń kọ́ àwọn ìyàwó ilé àti àwọn ọkọ tó bá nítìjú díẹ̀ bí wọ́n ṣe lè se ẹja náà nílé ara wọn. Bàbá Láńre jẹ ẹ́ kí wọ́n tó kú. Mo gbé e lọ sílé wọn, eyín ò sí lẹ́nu wọn mọ́, mo yọ gbogbo egungun rẹ̀ tán. Wọ́n jẹ ẹ́ díẹ̀díẹ̀. Mo ń dúró. Nígbà tí wọ́n tán, wọ́n na àwo náà sí mi, wọ́n ní, "Bù sí i." Láti ọjọ́ tí mo ti mọ̀ wọ́n, òun nìkan ni ìyìn tí mo gbà lẹ́nu wọn. Ó tó mi.

Irinṣẹ́ ti yí padà. Èédú ni mo bá lọ́dọ̀ Bàbá Láńre, mo lo sítóòfù, ẹ mọ bí ìyẹn ṣe parí. Gáàsì ló gbé mi jù lọ. Lóde òní, àwọn ọmọ ń lo ẹ̀rọ kan tó ń fi afẹ́fẹ́ gbígbóná yan nǹkan, wọ́n á ti ẹja bọ inú rẹ̀, wọ́n á lọ máa tẹ fóònù. Mo kọ́kọ́ kórìíra rẹ̀, torí kì í jẹ́ kí n gbọ́ ohùn ẹja. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo jẹ èyí tí Fúnmi fi ṣe, n ò rí ẹ̀bi rẹ̀. Ẹ lò ó tí ẹ bá ní in. Sámọ̀nì náà ti wà nínú fírísà àwọn ilé ìtajà ní Ring Road báyìí, ó wọ́n, ṣùgbọ́n ó wà. Kí ẹ tó rà á, ẹ wò ó bóyá yìnyín ti yọ́ kó tó tún dì. Ẹ mọ bí iná mànàmáná wa ṣe ń ṣe. Tí yìnyín bá kó jọ sí ẹ̀gbẹ́ kan nínú ọ̀rá tí wọ́n dì í sí, ẹ fi sílẹ̀. Ẹ jẹ́ kó yọ́ jẹ́jẹ́ nínú fíríìjì, ẹ nu ún gbẹ, ẹ má da ata bò ó. Tí kò bá sí sámọ̀nì, kótè kò ní bínú sí yín.

Ṣé kí ẹ wá ṣe iṣẹ́ yìí? Ẹsẹ̀ yóò dùn yín. Ẹ óò máa ṣiṣẹ́ nígbà tí àwọn yòókù ń sinmi. Àwọn kan á máa pè yín ní ọmọ ọ̀dọ̀ títí ẹ óò fi hu ewú. Bàbá mi alára, wọn ò sọ ọ́ síta rí pé àwọn gba iṣẹ́ náà, ṣùgbọ́n kí wọ́n tó fi ayé sílẹ̀, wọn kì í jẹ ẹja ẹlòmíì mọ́. Èmi ò kábàámọ̀. Iṣẹ́ loògùn ìṣẹ́, lóòótọ́, ṣùgbọ́n iṣẹ́ tí èèyàn bá fẹ́ràn tún ń ṣe oògùn ìbànújẹ́.

Ọdún tó kọjá ni mo sọ fún àwọn oníbàárà mi pé ó tó. Sátidé tó tẹ̀ lé e, mo ra ìhà sámọ̀nì kan tó dára, kì í ṣe fún ẹnikẹ́ni. Mo sè é nílé wa ní Agbówó, ọ̀sán gangan, fèrèsé ṣí sílẹ̀. Bàbá Fúnmi tẹ́ aṣọ sórí tábìlì, aṣọ tí wọ́n fúnra wọn ṣẹ́ létí. Mo bu tiwọn, mo gbé e síwájú wọn. Mo bu tèmi, mo gbé e, mo kọrí sí ilé ìdáná.

"Ìyá Fúnmi, níbo lò ń gbé oúnjẹ lọ?"

Mo dúró. Ìgbà yẹn ni mo ṣẹ̀ṣẹ̀ mọ̀ pé gbogbo ọdún tí mo fi ṣiṣẹ́, orí ìdúró ni mo ti ń jẹ ẹja yìí, lẹ́gbẹ̀ẹ́ iná, nígbà tí àwọn tó ni ín bá ti jẹ tiwọn tán, tó bá ti tutù. Kódà nílé ara mi.

Wọ́n dìde, wọ́n fa àga jáde fún mi. Mo jókòó. Ẹja náà ṣì gbóná, awọ rẹ̀ ń ró lẹ́nu. Ìrẹsì ń rú èéfín. A bẹ̀rẹ̀ sí í jẹun. Fóònù dún, Fúnmi ni.

"Mọ́mì, ẹ kú ọ̀sán, mà. Kí lẹ̀ ń ṣe?"

Mo ní, "À ń jẹun. Tí a bá jẹun tán, n ó pè ọ́ padà."